Pupa Tí Délio Kò Rí

Kí ẹnikẹ́ni tó bẹ̀rẹ̀ sí í bú Délio Bettencourt, ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ irú ojú tí Ọlọ́run fi dá a. Kì í ṣe afọ́jú, ojú rẹ̀ kò sì ṣe bàìbàì. Bí wọ́n bá gbé pátákó kọ̀ǹpútà kan fún un, ó lè wò ó lẹ́ẹ̀kan kó sì tọ́ka sí ibi tí òjé ti ta kọjá àyè rẹ̀, níbi tí àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ á ti máa wá awò kiri. Àwọ̀ ni ojú náà kò mọ̀. Pupa lójú rẹ̀ kò yàtọ̀ sí dúdú. Yẹ́lò àti àwọ̀ ewé, ìkan náà ni. Aṣọ tí Natércia ìyàwó rẹ̀ bá nà sórí ibùsùn fún un láàárọ̀ ló ń wọ̀, kì í béèrè ìdí.

Inú oko ni wọ́n ti kọ́kọ́ mọ̀ pé ojú rẹ̀ rí bẹ́ẹ̀. Nígbà yẹn, ibi tí ilé àti ilé iṣẹ́ kún lónìí ní San José, oko ápíríkọ́ọ̀tì, èso kékeré tó máa ń pọ́n bí ọsàn, ni gbogbo rẹ̀, àwọn ará erékùṣù Açores tó ṣí wá bíi bàbá Délio ló sì ń já a. Tìyá tọmọ ní í lọ. Garawa Délio ni wọ́n máa ń dà nù, èso tí kò tíì pọ́n ló máa ń kún ún bámúbámú. Bàbá rẹ̀ kọ́kọ́ rò pé orí kunkun ni, ó fi bẹ́líìtì bá a sọ̀rọ̀. Ìgbà tí ó wá yé e pé ọmọ náà kò mọ èyí tó pọ́n yàtọ̀ sí èyí tí kò tíì pọ́n, ó jókòó sórí àkàbà, ó ní, "Má sọ fún ẹnikẹ́ni. Ẹni tó máa gbà ọ́ síṣẹ́ lọ́la ò gbọdọ̀ gbọ́." Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo tí bàbá náà sọ tí ọmọ náà pa mọ́ láìyẹ̀ nìyẹn. Ó dàgbà, ó gbéyàwó, ó bímọ méjì, kò sọ fún ẹnikẹ́ni bí kò ṣe Natércia.

Nígbà tí wọ́n gé oko tán, tí wọ́n kọ́ ilé iṣẹ́ sí i, Délio wọ ilé iṣẹ́ kọ̀ǹpútà, ayé sì dẹ̀ ẹ́ lọ́rùn. Kọ̀ǹpútà ìgbà yẹn kò ní àwọ̀. Lẹ́tà tó ń tàn lórí dúdú ni, ó parí. Ilé iṣẹ́ kékeré kan ní Milpitas ló gbà á, káàdì àwòrán ni wọ́n ń ṣe níbẹ̀. Ẹni tó bá ti ra kọ̀ǹpútà tí kò lè ṣe ju lẹ́tà lọ, kò ní láti sọ ọ́ nù: á tú ẹ̀yìn rẹ̀, á fa káàdì àtijọ́ yọ, á ki ti àwọn Délio bọ̀ ọ́, ẹ̀rọ tí kò lè fa ìlà á bẹ̀rẹ̀ sí í ya àwòrán ilé àti afárá. Iṣẹ́ Délio ni láti yẹ káàdì kọ̀ọ̀kan wò kó tó kúrò nílé. Á fi í sínú ẹ̀rọ, á wo ojú ẹ̀rọ náà, bí ìlà bá gbọ̀n pẹ́nrẹ́n á mọ̀. Ó máa ń kọrin lẹ́nu iṣẹ́. Níbi tí gbogbo nǹkan ti jẹ́ títàn àti dúdú, ta ni kò ríran?

Inú rẹ̀ dùn tó bẹ́ẹ̀ tó fi gbàgbé pé ayé kì í dúró sójú kan.

Ọ̀gá wọn, Randall Pruett, ẹni tí Délio lè bí lọ́mọ, kó gbogbo wọn jọ síbi tí wọ́n ti ń jẹun ní ọjọ́ kan. Ó ní ẹnikẹ́ni ò fẹ́ ra káàdì aláwọ̀ kan mọ́. Gbogbo àwọn tó ń bá wọn díje ti bọ́ sórí káàdì alárànbarà, àwọn náà sì ti ya tiwọn, láti oṣù tó ń bọ̀ kò sí òmíràn tí wọ́n máa ṣe. "Kọ̀ǹpútà máa dà bíi tẹlifíṣọ̀n!" ni ó wí. Àwọn èèyàn pàtẹ́wọ́. Délio náà pàtẹ́wọ́ pẹ̀lú wọn.

Ọ̀nà tí wọ́n fi ń yẹ káàdì tuntun wò nìyí. Ẹ̀rọ á gbé ọ̀já àwọ̀ mẹ́jọ jáde, láti funfun títí dé dúdú, ẹni tó ń yẹ̀ ẹ́ wò á rí i pé gbogbo wọn pé. Lẹ́yìn káàdì, wọ́n lẹ bébà kékeré kan tó ní àyè òǹtẹ̀ méjì: ọ̀kan fún ìlà àti lẹ́tà, ìkejì fún àwọ̀. Olúkúlùkù ló ní òǹtẹ̀ tirẹ̀ pẹ̀lú nọ́mbà. Bí káàdì bá bàjẹ́ lọ́wọ́ oníbàárà, òǹtẹ̀ ni wọ́n á wò kí wọ́n tó mọ ẹni tí wọ́n máa bi.

Délio há a sórí. Ìkíní funfun, ìkejì yẹ́lò, ó ń kà á bí ẹni ń ka kátíkísìmù. Ṣùgbọ́n ohun tí èèyàn há sórí kò lè sọ fún un bóyá ohun tó wà níwájú rẹ̀ bá a mu. Obìnrin tó jókòó sí ìjókòó kejì ló ká a mọ́. Khuê ni orúkọ rẹ̀, ará Vietnam, ọkọ̀ ojú omi ló fi sá kúrò nílé. Ó kéré bí ọmọ iléèwé, ẹnu rẹ̀ mú.

"Bọ̀ọ̀dá Délio, ẹ dúró ná. Ṣé èyí lẹ fẹ́ tẹ òǹtẹ̀ lé?"

"Kí ló ṣe é?"

"Kí ló ṣe é kẹ̀? Ibi tó yẹ kó jẹ́ yẹ́lò ti di àwọ̀ ewé láti òkè délẹ̀!"

"Mo rí i. Mo kàn ń dán ẹ wò ni, bóyá o ti sùn."

Khuê kò rẹ́rìn-ín. Ó fà sún mọ́ ọn. "Àwọ̀ wo ni súwẹ́tà tí mo wọ̀ yìí?"

Délio wò ó. Súwẹ́tà náà dúdú lójú rẹ̀, ṣùgbọ́n ó ti pẹ́ tó ti mọ̀ pé ohun tó bá dúdú lójú òun lè jẹ́ nǹkan mìíràn. Ó ta tẹ́tẹ́. "Àwọ̀ ewé ni."

Obìnrin náà rẹ́rìn-ín títí tó fi wúkọ́. Pupa ni súwẹ́tà, pupa tó ń ta yanran. Nígbà tó rí ojú ọkùnrin náà, ẹ̀rín bọ́ lẹ́nu rẹ̀.

"Ẹ ò sọ fún wọn?"

"Kí wọ́n lè fún mi ní ìgbálẹ̀?" ni Délio dáhùn. "Mo ti lé ní àádọ́ta ọdún, Khuê. Fákítọ̀rì tí Natércia ti ń di èso sínú agolo ti tì. Ta ló máa gbà mí?"

Láti ọjọ́ náà ni wọ́n ti ṣètò. Délio á yẹ ìlà àti lẹ́tà gbogbo káàdì wò, tirẹ̀ àti ti Khuê, nítorí ojú rẹ̀ yá ju ti Khuê lọ níbẹ̀. Khuê á wo àwọ̀ gbogbo rẹ̀, á tẹ òǹtẹ̀ tirẹ̀ lé e. Òfin ilé iṣẹ́ kò gbà bẹ́ẹ̀, ṣùgbọ́n iṣẹ́ ń yá ju tẹ́lẹ̀ lọ, Pruett sì ń yìn wọ́n. Bí Pruett bá ń bọ̀, Khuê á sọ ohun tí Délio máa wí sí i létí. Ìgbà kan báyìí Délio tún ọ̀fun ṣe, ó ní, "Ọ̀gá, pupa inú èyí ti pọ̀ jù," Pruett sì sọ fún àwọn ayàwòrán káàdì pé kí wọ́n dín pupa kù. Àwọn méjèèjì fi ọwọ́ bo ẹnu.

Wọ́n ń jẹun pọ̀ pẹ̀lú. Khuê á fi ìrẹsì àti omi ẹja rẹ̀ tó ń rùn kálẹ̀ gba línguíça, sọ́séèjì ẹran ẹlẹ́dẹ̀ Délio. "Ẹran yín yìí le bí okùn bàtà," ni á wí, á sì jẹ ẹ́ tán. Délio á ní, "Omi ẹja tìrẹ yìí, òkú ta ni wọ́n fún?" Nínú ọ̀rọ̀ ẹ̀fẹ̀ báyìí ni Khuê ti sọ fún un nípa ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin, Toàn, tó ti wà ní àgọ́ àwọn asásàálà láti ọdún pípẹ́ pẹ̀lú ọmọ méjì tí ìyá wọn kú sórí omi. Khuê ló dúró fún wọn lọ́dọ̀ ìjọba. Ohun tí ìjọba sì bi í kò ju ọ̀kan lọ: ṣé ó níṣẹ́ lọ́wọ́? Nítorí náà iṣẹ́ yẹn, tí ẹlòmíràn ń fi ojú kékeré wò, òun ló ń fa èèyàn mẹ́ta la òkun kọjá.

Ìwé wá dé pé Toàn àti àwọn ọmọ máa balẹ̀ ní San Francisco ní ọ̀sán ọjọ́ báyìí. Khuê tọrọ àyè lọ́wọ́ Pruett. Pruett ní kò ṣeé ṣe. Oníbàárà ńlá kan tó ní ṣọ́ọ̀bù káàkiri ìpínlẹ̀ náà fẹ́ kó káàdì lọ síbi ìpàtẹ kọ̀ǹpútà ní Las Vegas, ọkọ̀ tó máa kó o ń bọ̀ ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ yẹn gan-an. "Ẹ̀gbọ́n rẹ ti dúró tipẹ́," ni Pruett wí. "Ó lè dúró títí aago márùn-ún." Mo mọ irú àwọn ọ̀gá báyìí. Kì í ṣe ìkà, wọ́n kàn ń sọ ohun tí wọn ò rò.

Khuê padà sídìí iṣẹ́, ó jókòó, kò lè ṣe nǹkan kan.

"Máa lọ," ni Délio wí.

"Káàdì ńkọ́?"

"Èmi á jókòó tì í."

"Ṣé ẹ fẹ́ fi ojú tí ò mọ súwẹ́tà wo àwọ̀?" Ó gbìyànjú láti rẹ́rìn-ín, omi sì lé sójú rẹ̀. "Bí wọ́n bá sì rí àyè òǹtẹ̀ mi lófìfo, wọ́n á mọ̀ pé mi ò sí níbí."

"Má jẹ́ kó ṣófo nígbà náà. Gbé òǹtẹ̀ rẹ fún mi. Bó o bá ti rí ẹ̀gbọ́n rẹ, gbogbo ẹ̀ ti bùṣe. Láti ìgbà tí a ti ń ṣe káàdì yìí, mélòó ló ti bàjẹ́ láwọ̀? Kò tó nǹkan. Ìlà ló máa ń bàjẹ́, ìlà sì rèé, èmi ni mo ni ín."

Khuê wò ó, ó wo ẹnu ọ̀nà. Ó fi òǹtẹ̀ lé e lọ́wọ́, ó gba ẹ̀yìn ibi tí wọ́n ń da páálí sí jáde. Nígbà tí iṣẹ́ parí, Délio fi káàdì àkókò tirẹ̀ sínú aago tó ń tẹ ìgbà tí èèyàn wọlé àti ìgbà tó lọ sí i lára, ó sì fi ti Khuê náà sí i, kí wọ́n lè rò pé ó wà níbẹ̀ títí di ìgbà tí olúkúlùkù lọ sílé. Oore ni, oore tòótọ́. Ojú rẹ̀ ni kò bá oore náà dọ́gba.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ lọ́sàn-án náà ni pé ẹ̀rọ tó ń da òjé sábẹ́ káàdì kò kan ihò kan ní igun, ihò tí wáyà pupa ń gbà lọ sójú kọ̀ǹpútà. Káàdì tó pọ̀ díẹ̀ ló kọjá báyìí kí ẹnikẹ́ni tó tún ẹ̀rọ náà ṣe láìmọ ohun tó ti ṣe. Nínú káàdì wọ̀nyẹn, pupa kú pátápátá. Lójú ẹlòmíràn, funfun á di àwọ̀ ojú ọ̀run, yẹ́lò á di àwọ̀ ewé, ọ̀já pupa á ṣókùnkùn bíi pé wọ́n pa á. Ọmọ ọdún mẹ́rin á pariwo. Délio jókòó síwájú rẹ̀, ó wò ó dáadáa, ó tún wò ó, kò sí ohun tó yí padà. Ohun tí kò sí lójú rẹ̀ láti ìgbà tí wọ́n ti bí i ló kú. Ó tẹ òǹtẹ̀ tirẹ̀ sí àyè ìlà, ó tẹ ti Khuê sí àyè àwọ̀, ó ń kọrin lábẹ́ ètè, inú rẹ̀ dùn nítorí ó ń fọkàn rí Khuê ní pápákọ̀ òfuurufú tí àwọn ọmọ ń dì mọ́ ọn lẹ́sẹ̀. Ọkọ̀ kó gbogbo rẹ̀ lọ.

Ní Las Vegas, oníbàárà náà pe èrò jọ. Ó ní kí wọ́n wá wo irú àwọ̀ tí kọ̀ǹpútà kankan kò tíì ní rí. Àwòrán mọ́tò eré ìje pupa kan ló fẹ́ fi hàn wọ́n. Mọ́tò jáde, ó dúdú bí ìdí ìkòkò. Èrò rẹ́rìn-ín, àwọn tó ń pàtẹ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ sì wá wò ó, wọ́n pe àwọn ẹlòmíràn wá.

Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀lé e, Pruett pe Délio àti Khuê wọ ọ́fíìsì. Ó kó káàdì mẹ́ta lé orí tábìlì, ẹ̀yìn wọn sókè.

"Òǹtẹ̀ ta nìyí ní àyè àwọ̀?"

Khuê wo káàdì. Ó wo Délio lẹ́ẹ̀kan péré. Gbogbo ọ̀rọ̀ wà nínú wíwò yẹn: ó mọ ohun tó ti ṣẹlẹ̀, ó mọ̀ pé bí òun bá ní òun kò sí níbẹ̀, wọ́n á bi í ta ló gbà á láyè kó lọ, wọ́n á bi í ta ló fi káàdì àkókò rẹ̀ sí aago, àwọn méjèèjì á sì bá ọ̀nà kan náà jáde.

"Tèmi ni," ni ó wí.

"Ojú rẹ wà níbo?"

"Ó rẹ̀ mí lọ́jọ́ yẹn, ọ̀gá."

"Ó rẹ̀ ẹ́." Pruett fi ọwọ́ méjèèjì nu ojú. "Ó rẹ̀ ẹ́! Gbogbo Las Vegas ń fi wá ṣe yẹ̀yẹ́, ó rẹ̀ ẹ́!" Ó ní kó lọ kó ẹrù rẹ̀.

Délio dúró síbẹ̀. Ohùn bàbá rẹ̀ lórí àkàbà ló ń dún sí i létí: má sọ fún ẹnikẹ́ni. Ó gbọ́ tí Khuê ń kó abọ́ oúnjẹ rẹ̀ sínú báàgì, ó gbọ́ tí ilẹ̀kùn ẹ̀yìn pa dé. Ìtìjú tó bá a kò ṣeé fẹnu sọ. Ó tì í lójú pé òun ga, pé òun sanra, pé àwọn èèyàn ń rí òun níbi tó dúró sí.

Ọjọ́ Àìkú, lẹ́yìn ìsìn ní ṣọ́ọ̀ṣì Ọgbẹ́ Márùn-ún, Natércia gbé abọ́ sopas, ọbẹ̀ ẹran tí wọ́n dà sórí búrẹ́dì, síwájú Délio, Délio kò fọwọ́ kàn án.

"Ẹyin lohùn o, Délio," ni Natércia wí. "Bó bá balẹ̀, fífọ́ ni. Bó o bá sọ ọ́, wọn ò ní gba obìnrin yẹn padà, wọ́n á kàn lé ìwọ náà ni. Kí la fẹ́ máa jẹ?"

"Mo mọ̀."

"O mọ̀, o ò sì jẹun."

"Ó gbé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ wá láti ìsàlẹ̀ ayé, Natércia. Èmi ni mo ní kó lọ pàdé ẹ̀."

Natércia gbé abọ́ náà kúrò. Obìnrin náà kò burú, ẹ̀rù ló ń bà á. Kò sọ pé kó lọ jẹ́wọ́, kò sì tún sọ pé kó má lọ.

Àwọn àgbà ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ni òótọ́ á lé e bá. Wọn ò sọ bó ṣe máa rí bí òótọ́ bá lé e bá tán tí ẹnikẹ́ni ò ní àga láti fún un. Àárọ̀ ọjọ́ Ajé, Délio wọ ọ́fíìsì Pruett, ó bọ́ fìlà, ó ní, "Ọ̀gá, èmi ni mo ba káàdì yẹn jẹ́. Mi ò mọ àwọ̀. Mi ò mọ pupa rí láyé mi."

Pruett gbójú sókè, ó sì rẹ́rìn-ín músẹ́, ẹ̀rín tí èèyàn ń rín sí ẹni tó ń káàánú ẹlòmíràn.

"Délio, má ṣe èyí."

"Òótọ́ ni mò ń sọ."

Pruett tan ẹ̀rọ orí tábìlì rẹ̀, ó gbé ọ̀já mẹ́jọ jáde, ó fi ọwọ́ kan ọ̀kan. "Kí lèyí?"

"Mi ò mọ̀."

"Èyí ńkọ́?"

"Mi ò mọ̀ ọ́n."

"Ọmọ mi ọkùnrin náà máa ń sọ pé òun ò mọ kárọ́ọ̀tì bí kò bá ti fẹ́ jẹ ẹ́. Ṣé kì í ṣe ìwọ lo sọ fún mi pé pupa ti pọ̀ jù? Mo ṣe é bó o ṣe wí, ó sì dára ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Afọ́jú àwọ̀ ló sọ ìyẹn?"

"Khuê ló sọ ọ́ sí mi létí."

"Wò ó, mo mọ̀ pé ẹ jọ ń jẹun. O fẹ́ gbà á sílẹ̀, ó wuyì. Àmọ́ òǹtẹ̀ ẹ̀ ló wà níbẹ̀."

"Ọwọ́ mi ni òǹtẹ̀ náà wà lọ́jọ́ yẹn."

"Ó dáa. Níbo lòun wà?"

Bí Délio bá sọ ibi tí Khuê wà, ó ti fi ọwọ́ ara rẹ̀ dá a lẹ́bi lọ́nà kejì: ó sá kúrò lẹ́nu iṣẹ́ lọ́jọ́ tí wọ́n ní kó má lọ, ìyẹn nìkan tó láti lé e. "Ó lọ ilé ìgbọ̀nsẹ̀," ni ó wí nígbẹ̀yìn.

"Láti ọ̀sán títí ilẹ̀ fi ń ṣú? Ikùn wo nìyẹn?" Pruett bú sẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà ó dẹ́kun, ó sún mọ́ Délio, ohùn rẹ̀ sì lọ sílẹ̀. "Gbọ́ mi dáadáa. Ká tiẹ̀ ní òótọ́ ni. Mo ti pe oníbàárà, mo ti sọ fún un pé ẹni tó ṣe é ti lọ. Ìyẹn nìkan ló jẹ́ kó fi ọ̀rọ̀ náà sílẹ̀. Bó bá gbọ́ pé ẹni tí kò mọ àwọ̀ la fi sídìí àwọ̀, ilé iṣẹ́ yìí ti tì nìyẹn, gbogbo wa pátá. Ṣé ohun tó o fẹ́ nìyẹn?"

Délio yí fìlà po lọ́wọ́.

"O ò gbọdọ̀ tún sọ ọ́," ni Pruett wí. "Ọkàn ẹ dáa. Irú èèyàn bíi tìẹ ni mo fẹ́. Láti òní lọ, ìwọ ni olórí àwọn tó ń yẹ àwọ̀ wò. Èmi á bá ẹ wá ẹni méjì tó máa wà lábẹ́ ẹ." Ó sì bọ̀ ọ́ lọ́wọ́.

Bẹ́ẹ̀ ni Délio ṣe lọ jẹ́wọ́, tó sì jáde pẹ̀lú ìgbéga. Àwọn èèyàn kí i kú oríire. Mi ò mọ ohun tó ṣòro ju kí èèyàn máa dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn tó ń kí i fún ohun tó ń pa á lọ.

Ọjọ́ Sátidé ó lọ sílé Khuê lójú títì Story. Yàrá méjì ni, wọ́n sì kún dẹ́múdẹ́mú: Toàn, àwọn ọmọ rẹ̀ méjì, àti ìyá Khuê tó ti ń bá a gbé tẹ́lẹ̀, ó ń se ẹ̀wà lórí sítóòfù. Ẹ̀rọ ìránṣọ Khuê wà lójú fèrèsé, òkìtì aṣọ kan sì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, kọ́là àti apá aṣọ tí fákítọ̀rì kan ń gbé fún àwọn obìnrin kí wọ́n máa rán an nílé. Délio gbé búrẹ́dì dídùn tí Natércia ṣe kalẹ̀. Àwọn ọmọ wò ó, wọn ò sún mọ́ ọn.

"Mo sọ fún un," ni Délio wí. "Mo sọ gbogbo ẹ̀ fún Pruett. Kò gbà mí gbọ́."

Khuê kò dá ẹ̀rọ dúró. "Ta ló ní kẹ́ ẹ lọ sọ ọ́?"

"Kò sẹ́ni tó ní kí n lọ."

"Wọ́n wá lé yín?"

Ó fẹ́ purọ́, kò lè purọ́. "Wọ́n fi mí ṣe olórí àwọn tó ń wo àwọ̀."

Ẹ̀rọ dákẹ́. Khuê wò ó títí, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín kan náà tó rín nígbà súwẹ́tà, títí tó fi wúkọ́. Toàn náà rẹ́rìn-ín nítorí arábìnrin rẹ̀ ń rẹ́rìn-ín, kò mọ ìdí rẹ̀. "Ẹ ṣáà kú oríire, Bọ̀ọ̀dá Délio," ni Khuê wí, ó ń nu ojú. "Ó kéré tán ẹnì kan ń jẹun nínú wa."

"Mo máa wá iṣẹ́ fún ẹ. Mo máa béèrè káàkiri."

"Ìwé tí wọ́n fi lé mi ti dé gbogbo ibi tí mo lọ béèrè kí n tó débẹ̀. Àfonífojì kan ṣoṣo ni gbogbo wa ń gbé." Kò sọ ọ́ bí ẹni ń bínú. Ó tún tẹ ẹsẹ̀ mọ́ ẹ̀rọ.

Délio kò mọ bó ṣe máa dìde. Toàn, tó fẹ́ kí àlejò náà rí pé wọ́n ka òun kún, na ọwọ́ sí àpótí òwú tó wà lẹ́bàá ẹsẹ̀ Délio, ó sì fi gẹ̀ẹ́sì tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ sọ pé, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa mú pupa." Apá aṣọ tó wà lábẹ́ abẹ́rẹ́ ni wọ́n fẹ́ fi òwú pupa rán.

Délio wo inú àpótí. Òwú kún inú rẹ̀. Ó wò ó pẹ́. Ó mú ọ̀kan, ó nà án sí Khuê.

Toàn la ẹnu láti sọ̀rọ̀. Khuê yára sọ nǹkan kan fún un ní èdè wọn, ọ̀rọ̀ kékeré kan, Toàn sì pa ẹnu dé. Ó wo òwú dúdú náà, ó wo Délio, ojú rẹ̀ sì yí padà, àánú bẹ̀rẹ̀ sí í wọ inú rẹ̀ díẹ̀díẹ̀.

"Òun gan-an ni mo fẹ́," ni Khuê wí. "Ẹ ṣeun, Bọ̀ọ̀dá." Ó fi òwú náà kọ́ ẹ̀rọ, ó tẹ orí ba, ó sì rán apá aṣọ náà láti òkè dé ìsàlẹ̀, ìlà tó tọ́, tí kò yẹsẹ̀. Délio jókòó tì í títí tó fi rán an tán.